Àgùàlà Tí Mo Pè Ní Àtùpà

Iṣẹ́ wíwo òkè ni mo fi jẹun títí mo fi fẹ̀yìn tì. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Àwọn ará ilé wa ní Ìtòkú ti rẹ́rìn-ín ṣáájú yín. Wọ́n ní, "Sàdíátù, ṣé ìjọba wá ń sanwó fún ẹni tó ń wo òfuurufú ni? Kí wọ́n kúkú gba adìẹ síṣẹ́, òun náà a máa wòkè bó bá mu omi." Mi ò dá wọn lóhùn. Ọjọ́ tí mo bá mọ̀ pé òjò ń bọ̀ tí mi ò sì sọ, aṣọ àdìrẹ tí wọ́n sá a máa bá mi dá wọn lóhùn.

Ẹ̀yin ọmọ àdúgbò yìí ń múra àtiyan iṣẹ́, àwọn ìyá yín sì ní kí n sọ ohun tí ojú mi rí nídìí tèmi. Ó dáa, ẹ fìdí lélẹ̀. Bí mo ṣe wọṣẹ́ kò gùn. Mo ka ìwé mẹ́wàá yege, mo mọ ìṣirò, wọ́n gbà mí. Owó rẹ̀ tó jẹ, kò tó ṣe fújà. Ó tán. Ẹ jẹ́ ká lọ síbi tọ́rọ̀ wà.

Nígbà náà, kò tíì ju ọdún díẹ̀ lọ tí wọ́n sọ Abẹ́òkúta di olú ìlú ìpínlẹ̀ Ògùn. Ọ́fíìsì ojú ọjọ́ tiwa wà lórí òkè kan lẹ́yìn ìlú: yàrá méjì, pápá kékeré kan tí a gbin koríko sí, òpó irin kan tí àsíá ń rọ̀ sí lórí, àti ẹ̀rọ tí a fi ń wọn òjò. Obìnrin kò ṣiṣẹ́ níbẹ̀ rí kí n tó dé. Ọ̀gá Ṣótúndé ló wà lórí wa, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó máa ń wọ ṣòkòtò kakí tí wọ́n lọ̀ débi tí ìlà rẹ̀ lè gé iṣu. Kò pariwo mọ́ ènìyàn rí láyé rẹ̀. Ó sàn kó pariwo o! Bó bá ti rọra yọ awò ojú rẹ̀, tó ń fi aṣọ nù ún, inú rẹ á ti máa pariwo fúnra rẹ̀.

Oṣù mẹ́ta gbáko ni kò fi jẹ́ kí n fọwọ́ kan irin iṣẹ́ kankan. Ìrọ̀lẹ́ ìrọ̀lẹ́, yóò gbé àga síbì kan náà, kí n lè máa wo òpó àsíá.

"Jókòó, Sàdíátù. Sọ ohun tí o rí. Má sọ ohun tí o rò."

"Mo rí bàlúù, sà."

"Ta ló sọ fún ẹ pé bàlúù ni? Kí lo rí?"

"Iná funfun kan, sà, àti pupa kan. Wọ́n jọ ń rìn lọ sọ́nà Ìkẹjà."

"Ẹ̀n-ẹ́n. Ìyẹn lo rí. Bàlúù, ìyẹn lo rò. Kọ èyí tí o rí sílẹ̀ ná."

Inú bí mi púpọ̀ nígbà yẹn. Mo ní ṣé torí kí n máa ka iná bí ọmọdé ni mo ṣe kàwé ni? Mi ò mọ̀ pé iṣẹ́ gan-an ló ń kọ́ mi. Òpó yẹn ló fi kọ́ mi pé bí iná bá fara pẹ́ òpó tí ó ń rọra wọlẹ̀ lọ bí oòrùn ṣe ń wọ̀, ìràwọ̀ ni. Bó bá kọjá òpó kóo tó ka ogún, ohun kan ló ń gbé e lọ. Ó ní ìbéèrè mẹ́ta ni kí n máa bi iná kí n tó fún un lórúkọ: Ṣé ó ń rìn? Ṣé ó ń jó? Níbo ló wọ̀? Jíjó tó wí ni kó máa fì síhìn-ín sọ́hùn-ún. Ìràwọ̀ kéékèèké a máa ṣẹ́jú. Àgùàlà, ìràwọ̀ ńlá tó ń yọ níwọ̀ oòrùn nìyẹn, kì í ṣẹ́jú, kì í jó, ó kàn ń tẹjú mọ́ ọ ni bí ẹni tó mọ gbèsè rẹ.

Kò sí írésà ní ọ́fíìsì wa. Gègé oníyíǹkì là ń lò. Bóo bá ṣì í kọ, wàá fi yíǹkì pupa fa ìlà kan péré lé e lórí, kí èèyàn ṣì lè ka àṣìṣe náà, wàá sì fọwọ́ sí i.

Ọ̀gá tún ní ìwé kan tí a ń pè ní Ìwé Iná. Àwọn ará ìlú máa ń wá bá wa pé àwọn rí iná àràmàǹdà lókè, a ó sì kọ ọ́ síbẹ̀. Ìlà kan wà fún ọjọ́, ìlà kan fún ohun tí wọ́n rí, ìlà kan fún orúkọ ẹni tó wò ó. Àwa òṣìṣẹ́ nìkan ni orúkọ wa ń wọ ìlà ìkẹyìn yìí. Ẹni tó bá ti ìta wá, "ará ìlú" là ń kọ, ó parí. Òfin Ọ̀gá nìyẹn, kò sì yí i fún ẹnikẹ́ni.

Ẹ wo télọ̀ kan tó sáré wọlé ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ìlẹ̀kẹ̀ òógùn lójú. Ó ní iná kan tẹ̀ lé òun láti Owódé. Bóun bá fi alùpùpù sáré, iná á sáré. Bóun bá dúró, iná á dúró.

"Ọ̀gá, kí ló fẹ́ fi mí ṣe?"

Ọ̀gá mú un jáde, ó nawọ́ sí àgùàlà. "Ṣé òun nìyí?"

"Òun ni! Yéè! Ó ti dé ibí!"

"Ọ̀gbẹ́ni, kò mọ̀ ẹ́ rí. Ó jìnnà débi pé ibi yòówù kóo sáré dé, ojú kan náà ni wàá ti máa rí i. Máa lọ sílé, ìyàwó rẹ ń dúró." Èmi wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn, mo ń fi ìbòrí mi bo ẹnu kí ẹ̀rín má baà pa mí. Bí mo bá rántí ẹ̀rín yẹn báyìí, ojú a máa tì mí.

Lẹ́yìn oṣù mẹ́ta, Ọ̀gá fi awò lé mi lọ́wọ́. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé. Bí a bá fẹ́ mọ bí afẹ́fẹ́ ṣe ń fẹ́ lókè, a ó fi gáàsì kún rọ́bà ńlá kan, irú èyí táwọn ọmọdé ń fẹ́ lọ́jọ́ ọdún, ṣùgbọ́n tiwa tóbi ju àgbá omi lọ. A ó tú u sílẹ̀. Bó ṣe ń lọ, a ó fi awò tó dúró lórí ẹsẹ̀ mẹ́ta máa tẹ̀ lé e, ní ìṣẹ́jú ìṣẹ́jú a ó ka nọ́ńbà méjì: bó ṣe ga tó lójú wa, àti ìhà ibi tó wà. Nínú nọ́ńbà yẹn la ti ń ṣírò afẹ́fẹ́. Ti aago méje ìrọ̀lẹ́, ilẹ̀ á ti ṣú, nítorí náà a ó so àtùpà kékeré kan mọ́ ọn: bébà tí a ká mọ́ wáyà, àbẹ́là nínú rẹ̀, okùn gígùn láàárín òun àti rọ́bà kí iná má baà dé ibi gáàsì. Àtùpà yẹn ni à ń fi awò lé kiri ojú ọ̀run.

Oṣù ọyẹ́ ni ọ̀ràn mi ṣẹlẹ̀. Mo ṣì wà lábẹ́ ìdánwò ọdún kan tí wọ́n fi ń wo òṣìṣẹ́ tuntun. Èmi nìkan ni mo tú rọ́bà náà sílẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, nítorí Ọ̀gá ń fi wáyálẹ̀ẹ̀sì ránṣẹ́ nínú ilé. Rọ́bà ọ̀hún ti pẹ́ nínú àpótí, mo sì rí i pé kò fi bẹ́ẹ̀ le, ṣùgbọ́n ó gbéra. Afẹ́fẹ́ ọyẹ́ gbé e lọ sápá Wásinmi. Ìṣẹ́jú kìíní, èkejì, títí dé ìkẹfà, àtùpà mi ń jó lẹ́nu awò. Ni mo bá wolẹ̀ láti kọ nọ́ńbà sínú rẹ́jísítà, gègé sì kọ̀, yíǹkì ti gbẹ. Mo gbọn ọ́n, mo gbọn ọ́n, mo kọ ọ́ tán, mo gbójú padà sókè. Eruku ọyẹ́ bo ojú ọ̀run, ìràwọ̀ kan kò hàn. Mo rí iná mi níbẹ̀, ó mọ́ rekete. Mo ní, "Alhamdulillahi." Mo tẹ̀ lé e fún ogójì ìṣẹ́jú. Mi ò tẹ̀ lé àtùpà pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ rí! Nọ́ńbà rẹ̀ ń yí díẹ̀díẹ̀ láìfò, wọ́n mọ́ bí aṣọ tí wọ́n fi sítáàṣì lọ̀. Ọ̀gá wò ó, ó ní, "O ṣe dáadáa," ó fọwọ́ sí i. Inú mi dùn débi pé mi ò lè jẹun alẹ́.

Ọjọ́ kẹta, bàbá àgbàlagbà kan gun òkè wa wá. Ògúndélé lorúkọ rẹ̀, àgbẹ̀ ni láti abúlé kan tó ṣáájú Wásinmi. A kí i, a fún un ní omi. Ó ní àká àgbàdo òun jóná, gbogbo èyí tóun fẹ́ gbìn lọ́dún tó ń bọ̀ ló wà níbẹ̀. Àṣàkẹ́, ìyàwó tuntun tí ọmọ òun gbé, ló ń dáná lẹ́yìn àká. Gbogbo ilé ní iná ìdáná rẹ̀ ló ràn án. Ṣùgbọ́n ọmọbìnrin náà ń búra pé iná kan ló ti òkè sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀, bí adẹ́mu tó gbé fìtílà sọ̀ láti orí ọ̀pẹ.

"A ti dá a padà sílé bàbá rẹ̀ l'Ówódé," Baba wí. "Ìyá ọkọ rẹ̀ ní kò gbọdọ̀ padà wá. Èmi ni mo ní kí wọ́n ní sùúrù. Wọ́n ní ẹ̀yin mọ iná ojú ọ̀run. Bí ẹ bá ní iná kan wá sílẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́ Ọjọ́bọ̀, ní nǹkan bí aago méje àbọ̀, màá lọ mú ọmọ mi wálé. Bí ẹ bá ní kò sí, á jẹ́ pé òpùrọ́ ni a gbé níyàwó, kó jókòó sọ́hùn-ún."

Ọ̀gá ṣí Ìwé Iná. Kò sí ohunkóhun níbẹ̀ fún Ọjọ́bọ̀. Ó ṣí rẹ́jísítà tèmi. "Baba, ohun kan ṣoṣo tó wà lókè ní ìrọ̀lẹ́ yẹn ni àtùpà tiwa, ogójì ìṣẹ́jú la sì fi wò ó lókè níbẹ̀. Kò wálẹ̀."

Baba rọra mi orí. "Ó dára. Ìwé kì í purọ́. Ẹ ṣeun." Ó mú ọ̀pá rẹ̀, ó sọ̀ kalẹ̀ lọ. Mo tilẹ̀ sìn ín dé ẹnu ọ̀nà.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì, oṣù tuntun lé tíńtín, àgùàlà sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mo rántí ohun táwọn àgbà máa ń wí: àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣebí ajá rẹ̀ ni. Mo kàn fi ṣeré dojú awò kọ ọ́. Mo ka nọ́ńbà. Mo tún un kà. Mo lọ mú rẹ́jísítà, mo ṣí Ọjọ́bọ̀. Bí ẹ bá yọ ti ìbẹ̀rẹ̀ kúrò, nọ́ńbà kan náà ni, díẹ̀ báyìí ló fi yàtọ̀! Iná tí mo tẹ̀ lé fún ogójì ìṣẹ́jú kò jó lẹ́ẹ̀kan. Mo ti rí i pé kò jó. Mo rí i, ṣùgbọ́n ohun tí mo rò ni mo kọ. Àtùpà tèmi ti bá rọ́bà tó ń jò lọ já sórí àká ẹni ẹlẹ́ni.

Ẹ gbọ́, ẹ̀rù bà mí. Èmi obìnrin àkọ́kọ́ níbẹ̀, lábẹ́ ìdánwò! Mo lérò pé bí mo bá dákẹ́, kò sẹ́ni tó máa mọ̀. Mo lọ bá ìyá mi nídìí ìkòkò aró rẹ̀, ó ń fa aṣọ jáde, ọwọ́ rẹ̀ dúdú dé ìgúnpá. Mo sọ gbogbo rẹ̀. Mo ní, "Ìyá mi, wọ́n á lé mi."

Kò gbójú sókè. "Kí wọ́n lé ẹ. Ìwọ ní ilé tí wọ́n á lé ẹ wá, ìkòkò aró wà níbí. Ọmọ ọlọ́mọ wà nílé bàbá rẹ̀, wọ́n ń pè é ní òpùrọ́, ìwọ dúró síbí ò ń sunkún iṣẹ́. Sàdíátù, má jẹ́ kí n fi ọwọ́ aró yìí gbá ẹ létí o!"

Ilẹ̀ mọ́, mo kúnlẹ̀ níwájú Ọ̀gá. Ó gbọ́ tán, ó yọ awò ojú rẹ̀, ó nù ún, ó nù ún. Lẹ́yìn náà ló ṣí rẹ́jísítà, ó wo nọ́ńbà wọ̀nyí pẹ́.

"Ó mọ́ jù," ó wí. "Afẹ́fẹ́ wo ló ń fẹ́ bákan náà fún ogójì ìṣẹ́jú? Ó yẹ kó fu mí lára. Mo kàn fẹ́ kó o ṣe dáadáa ni." Ó na gègé yíǹkì pupa sí mi. Mo fa ìlà lé iṣẹ́ mi. Ó gbà á padà, ó fa tirẹ̀ lé orúkọ rẹ̀ tó fi fọwọ́ sí i. Ó ránṣẹ́ àtúnṣe lọ sí olú ilé iṣẹ́ wa l'Ékòó lójú mi. Nígbà tó yá, wọ́n fi ọdún kan kún ìdánwò mi, wọ́n sì kọ ìwé ìbáwí sí òun. Kò sọ ọ́ sí mi létí rí. Akọ̀wé ló fi hàn mí.

Ọjọ́ kan náà la wọkọ̀ lọ sọ́nà Wásinmi, a fẹsẹ̀ rìn wọ abúlé. "Ẹ kú ilé o, Baba." Mo kúnlẹ̀ sínú eruku, mo jẹ́wọ́. Baba gbọ́ ọ tán. Ó wọlé, ó mú wáyà kan jáde tó ti dúdú, tó ká róbótó, tí wáyà méjì dábùú rẹ̀.

"Nínú eérú ni mo ti rí i. Mo ní ìdẹkùn àwọn ọmọ ni. Ṣé tiyín ni?"

"Tiwa ni, Baba," Ọ̀gá wí.

Baba jókòó. "Mo ní ìwé kì í purọ́. Mi ò rántí pé èèyàn ló ń kọ ọ́."

Láti ibẹ̀, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pẹ̀lú ọkọ Àṣàkẹ́ forí lé Owódé. A bá ọmọbìnrin náà níbi tó ti ń bẹ ẹ̀gẹ́. Kò dìde. Mo tún kúnlẹ̀, mo tún jẹ́wọ́. Ó tẹjú mọ́ mi.

"Ẹ̀yin lẹ ni awò yẹn?"

"Èmi ni mò ń lò ó."

"Kí wá lẹ ń wò?"

"Àgùàlà."

"Àgùàlà!" Ó bú sẹ́rìn-ín, omi sì ń bọ́ lójú rẹ̀. "Àgùàlà tó ń yọ níbẹ̀ lójoojúmọ́ ayé! Èmi tí mi ò ní ju ojú lọ, mo rí i. Mo sọ ọ́. Wọ́n ní kí n kó ẹrù mi."

Baba ní, "Àṣàkẹ́, máa bọ̀ wálé. Èmi ni mo ṣẹ̀ ẹ́. Jọ̀ọ́."

"Baba, mo gbọ́. Ṣùgbọ́n ìwé ló ti ilẹ̀kùn ilé ọkọ mọ́ mi. Ẹ kọ mí sínú rẹ̀. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, lọ́jọ́ tí ẹ̀yin ò bá sí níbẹ̀ mọ́, wọ́n á tún ní èmi ni mo finá sí àká."

Mo wo Ọ̀gá. Mo mọ òfin rẹ̀. Ó yọ awò ojú rẹ̀, mo ní ó ti parí. Ó ṣí àpò, ó mú Ìwé Iná jáde, ó jókòó sórí ìtì igi níwájú obìnrin náà.

"Ẹ sọ ohun tí ẹ rí fún mi. Ṣé ó ń rìn?"

"Ó ń rìn. Ó ti apá Abẹ́òkúta wá."

"Ṣé ó ń jó?"

"Ó ń jó. Ó ń fì sọ́tùn-ún, ó ń fì sósì."

"Níbo ló wọ̀?"

"Kò wọ̀. Orí àká ló bà lé. Mi ò mọ ohun tó jẹ́, sà. Iná ni mo rí."

Ọ̀gá yíjú sí mi. Ó gbé ìwé lé mi lórí eékún. Mo kọ ọ́ bó ṣe wí gẹ́lẹ́. Nígbà tí mo dé ìlà ìkẹyìn, mo dúró. Ó ní, "Kí lò ń wò? Kọ orúkọ rẹ̀." Mo kọ ọ́. Ó fọwọ́ sí i nísàlẹ̀. Àṣàkẹ́ nu ọwọ́ rẹ̀, ó wọlé lọ kó ẹrù. Lọ́jọ́ Sátidé àwa òṣìṣẹ́ lọ bá wọn kọ́ àká tuntun, ìyá ọkọ Àṣàkẹ́ ló sì se oúnjẹ tí a jẹ.

Iṣẹ́ yí padà lẹ́yìn náà. Ọ̀gá kọ̀wé títí wọ́n fi bá wa pa àbẹ́là tì, wọ́n fún wa ní iná bátìrì kékeré tí kò lè jó ohunkóhun. Òun fẹ̀yìn tì, èmi jókòó sí ipò rẹ̀. Kọ̀ǹpútà dé nígbà tí mo kù díẹ̀ kí n lọ, ó ń ṣírò kí n tó mí. Ó dára o, mi ò bá a jà. Àmọ́ gbogbo ọmọ tí mo kọ́ níṣẹ́ ló fi oṣù mẹ́ta jókòó lórí àga níwájú òpó yẹn. Wọ́n bú mi lẹ́yìn, mo gbọ́. Ẹ̀yin tí ẹ bá fẹ́ ṣe irú iṣẹ́ yìí, ẹ̀yin náà ẹ wá ìdí tó lè jókòó.

Ọ̀sẹ̀ tí mo fẹ̀yìn tì, wọ́n ń kó ìwé àtijọ́ jáde kí wọ́n lè tún yàrá kùn. Mo wá Ìwé Iná náà kàn, mo jókòó tì í, mo ṣí gbogbo ojú rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ṣótúndé, Ṣótúndé, Sàdíátù, Ṣótúndé, Sàdíátù, Sàdíátù. Yíǹkì ibì kan ti ń ṣá, àmọ́ ó ṣeé kà: "Iná kan tó ń rìn, tó ń jó, bà lé orí àká. Ẹni tó wò ó: Àṣàkẹ́, ìyàwó ilé Ògúndélé." Nínú gbogbo orúkọ tó wà nínú ìwé yẹn, tirẹ̀ nìkan ni ìjọba kò gbà síṣẹ́.